Bí pílánẹ́ẹ̀tì kan bá ń kọrin fúnra rẹ̀, kí ni yóò máa fi kọ ọ́?

Àkọ̀wé-Ìtàn (ẹni tó dá ọ̀rọ̀ sílẹ̀)

Ẹ kú ìjókòó o, gbogbo ilé. Mo ń kọ ìtàn àròsọ kan lọ́wọ́ nípa pílánẹ́ẹ̀tì kan tí mo sọ ní Olóhùn. Kò sí ènìyàn níbẹ̀, kò sí ẹranko, kò sì sí ẹ̀rọ kankan, síbẹ̀ orin ni ó ń ti ara rẹ̀ jáde. Mi ò fẹ́ kí ó jẹ́ idán lásán, nítorí òǹkàwé òde òní kì í pẹ́ rí ibi tí òǹkọ̀wé ti gba ẹ̀bùrú. Ohun tí mo fẹ́ bi yín ni pé, nínú gbogbo ohun tí a mọ̀ nípa afẹ́fẹ́, òkúta, omi àti iyanrìn, kí ni ó lè mú kí odidi ayé kan máa kọrin, àti pé nínú ariwo tí yóò máa pa, èwo ni a ó pè ní orin? Èrò kan ṣoṣo ni mo ní lọ́wọ́ báyìí: mo fẹ́ kí ìró yíyí rẹ̀ máa dé ọ̀dọ̀ àwọn pílánẹ́ẹ̀tì tó múlé tì í, bí àwọn fídíò orí íntánẹ́ẹ̀tì ṣe ń jẹ́ kí a gbọ́ ohùn Júpítérì.

Olùkọ́-Físíìsì

Ẹ kú iṣẹ́, Àkọ̀wé. Ọ̀rọ̀ yìí dùn mọ́ mi, ṣùgbọ́n ti ìró tí ń ti pílánẹ́ẹ̀tì kan dé òmíràn yẹn, ẹ gbé e jù sílẹ̀. Ìró kì í rìn níbi tí kò bá ti sí ohun tí yóò gbọ̀n, òfuurufú tó wà láàárín àwọn pílánẹ́ẹ̀tì sì ṣófo débi pé bí òkè ayọnáyèéfín kan bá bú gbàmù níbẹ̀, etí kan kò ní gbọ́. Àwọn fídíò tí ẹ sọ kì í ṣe irọ́, ṣùgbọ́n ìgbì rédíò àti ìgbì iná mànàmáná ni àwọn ọkọ̀ òfuurufú bíi Voyager àti Juno gbà sílẹ̀, àwọn onímọ̀ ni wọ́n sì sọ ọ́ di ìró kí etí wa lè rí i mú. Johannes Kepler, ọmọ Jámánì tó ṣírò ohùn pílánẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan láti inú bí eré rẹ̀ ṣe ń pọ̀ tí ó sì ń dín bó ti ń yí oòrùn ká, tí ó sì tẹ ìṣirò náà jáde ní 1619, kò fìgbà kan sọ pé etí lè gbọ́ ọ. Ọkàn tó ń ronú ni ó ní orin náà wà fún.

Nítorí náà, inú afẹ́fẹ́ Olóhùn fúnra rẹ̀ ni orin rẹ̀ gbọ́dọ̀ wà, irú afẹ́fẹ́ tí ẹ bá sì fún un ni yóò pinnu irú ohùn tí yóò ní. Lórí ilẹ̀ ayé wa, nígbà tí ooru bá wà ní ìwọ̀n 20 ti Celsius, ìró ń sá ní mítà 343 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Lórí Mársì, níbi tí rọ́bọ́ọ̀tì Perseverance gúnlẹ̀ sí ní oṣù Kejì ọdún 2021 pẹ̀lú maikirofóònù lára, wọ́n rí i pé nǹkan bíi mítà 240 ni, àti pé ohùn òkè ń fi nǹkan bíi mítà 10 yá ju ohùn ìsàlẹ̀ lọ. Ìyẹn ni pé bí ẹgbẹ́ akọrin kan bá ń kọrin lókèèrè níbẹ̀, ohùn tínrín yóò dé ṣáájú baàsì, bí kò bá tíì kú sójú ọ̀nà, nítorí afẹ́fẹ́ Mársì, tí ipá rẹ̀ kò tó ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún tiwa, a máa pa ohùn òkè kíákíá. Ní Àgùàlà (pílánẹ́ẹ̀tì Venus), níbi tí ipá afẹ́fẹ́ tó ìlọ́po 90 tiwa tí ooru sì ju 450 lọ, nǹkan bíi mítà 410 ni. Ní Titan, òṣùpá Sátúrnù tí ọkọ̀ Huygens gúnlẹ̀ sí ní oṣù Kínní ọdún 2005, níbi tí òtútù dé ìwọ̀n 179 sísàlẹ̀ òdo, eré ìró kò tó mítà 200.

Ẹ wá mú fèrè kan tó gùn ní mítà kan, tó lanu lókè àti nísàlẹ̀, kí ẹ gbé e kiri. Nílé níbí, yóò gbọ̀n ní nǹkan bí ìgbà 171 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, èyí tí à ń kọ ní 171 Hz. Ní Mársì yóò di 120, ní Àgùàlà 205, ní Titan kò ní tó 100. Fèrè kan náà, ohùn mẹ́rin. Ìmọ̀ràn tèmi ni pé kí ẹ fún Olóhùn ní afẹ́fẹ́ tó ki ju tiwa lọ, nítorí bí afẹ́fẹ́ bá ṣe ki tó ni òkúta tàbí iyanrìn tó ń gbọ̀n yóò ṣe rí i tì tó, tí ohùn yóò sì jáde ketekete.

Awòràwọ̀

Mo fara mọ́ ohun tí Ọ̀gá Olùkọ́ sọ, ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí a tètè lé ojú ọ̀run jáde nínú ọ̀rọ̀ yìí. Mẹ́ta nínú àwọn òṣùpá Júpítérì, Io, Europa àti Ganymede, ń yí i po ní ọ̀nà tó jẹ́ pé bí Ganymede bá yí po lẹ́ẹ̀kan, Europa yóò ti yí po lẹ́ẹ̀mejì, Io yóò sì ti yí po lẹ́ẹ̀mẹ́rin. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti TRAPPIST-1, ìràwọ̀ kan tó jìnnà sí wa ní nǹkan bí ogójì ọdún ìmọ́lẹ̀, tí a kéde ní 2017 pé ó ní pílánẹ́ẹ̀tì méje: bí èyí tó wà lóde pátápátá bá yí po ní ìgbà 2, àwọn tó kù yóò ti yí po ní bíi ìgbà 3, 4, 6, 9, 15 àti 24 bí a bá ṣe ń wọ inú lọ. Bí Olóhùn bá ní òṣùpá mẹ́ta tó tò báyìí, tí wọ́n ń fa omi òkun rẹ̀ sókè sódò, tí omi náà ń ti afẹ́fẹ́ gba inú ihò àpáta jáde, ṣé ìlù kọ́ nìyẹn?

ỌmọÀyàn

Mo kí gbogbo yín, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi. Mo ti ka ohun tí Awòràwọ̀ kọ lẹ́ẹ̀mejì, èsì mi sì ni pé kì í ṣe ìlù. Io gba nǹkan bí ọjọ́ kan àtààbọ̀ ó lé díẹ̀ kí ó tó yí po. Bí mo bá lu awọ lónìí, tí mo dúró di ọ̀túnla kí n tó tún un lù, ta ni yóò mọ̀ pé èkejì tẹ̀ lé èkíní? Ẹ gbọ́dọ̀ mú TRAPPIST-1 yín sáré ju ìlọ́po 200,000 lọ kí ẹsẹ̀ tó lè rí i jó. Ohun tí òṣùpá lè ṣe ni láti sọ ìgbà tí ọdún yóò bọ́ sí, kí ó sọ ọjọ́ tí gbogbo ihò yóò fọhùn pọ̀ àti ọjọ́ tí wọn yóò dákẹ́. Ìyẹn wúlò, ṣùgbọ́n ìlù kọ́.

Nínú ẹgbẹ́ dùndún, gúdúgúdú wà tí ohùn rẹ̀ kì í yí padà, tí ó ń sọ ohun kan náà láti ìbẹ̀rẹ̀ títí dé òpin, ìyáàlù sì wà tí a ń fún ọsán rẹ̀ mọ́ra, tí a tún ń tú u, kí ohùn rẹ̀ lè gòkè kí ó sì sọ̀ kalẹ̀ bí ọ̀rọ̀ ẹnu. Gbogbo ohun tí ẹ ti kà sílẹ̀ títí di ìsinsìnyí, gúdúgúdú ni. Mo fẹ́ kí Àkọ̀wé sọ fún mi ohun tí yóò jẹ́ ìyáàlù Olóhùn.

Arìnrìn-àjò

Kí a tó dé orí ìyáàlù, ẹ jẹ́ kí n mú ohun tó ń kọrin láìsí ẹni tó ń lù ú wá síwájú yín. Àwọn òkìtì iyanrìn kan wà ní aṣálẹ̀, ní Morocco, ní Namib, ní Badain Jaran tó wà ní Ṣáínà àti ní California, tó jẹ́ pé bí iyanrìn bá ya láti òkè wọn wálẹ̀, òkìtì náà yóò máa hùn bí ẹ̀rọ bàálù tó ń bọ̀ lókèèrè. Hóró iyanrìn náà gbọ́dọ̀ gbẹ, kí ó dán, kí wọ́n sì fẹ́rẹ̀ẹ́ rí bákan náà. Ohùn wọn sábà máa ń wà láàárín 70 sí 105 Hz, ó sì lè pẹ́ tó ìṣẹ́jú bíi mélòó kan. Ohun tó jọ mí lójú ni pé òkìtì kọ̀ọ̀kan ní ohùn tirẹ̀, bóyá nítorí títóbi hóró ibẹ̀ ni o, bóyá nítorí bí iyanrìn gbígbẹ orí rẹ̀ ṣe nípọn tó. Àwọn onímọ̀ ṣì ń bá ara wọn fa èyí.

Èkejì ni ère Memnon ní Luxor, nílẹ̀ Íjíbítì. Ìmìtìtì ilẹ̀ kan fọ́ ère ńlá náà ní nǹkan bí ọdún 27 ṣáájú ìbí Kristi, lẹ́yìn èyí ni èyí tó kù nílẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í fọhùn ní òwúrọ̀, nígbà tí oòrùn bá ń yọ. Àwọn ará Róòmù àti àwọn Gíríìkì wá láti ọ̀nà jíjìn, wọ́n sì gbẹ́ orúkọ wọn àti ewì sí i lẹ́sẹ̀ láti jẹ́rìí pé àwọn gbọ́ ọ. Àwọn ọ̀rọ̀ náà ṣì wà níbẹ̀ dòní. Àlàyé tó wọ́pọ̀ jù ni pé ooru òwúrọ̀ ló ń mú ìrì gbẹ nínú òkúta tó ti sán. Ìgbà tí wọ́n tún ère náà mọ padà, ó yadi. Ẹ rí i pé ibi tó fọ́ gan-an ni ohùn ti ń jáde.

Ẹ̀kẹta kì í ṣe ti àdánidá pátápátá: ní Zadar, nílẹ̀ Croatia, ayàwòrán-ilé Nikola Bašić fi páìpù 35 sábẹ́ àtẹ̀gùn kan létí òkun ní 2005, ìgbì omi ló sì ń fọn wọ́n tọ̀sán-tòru. Kò sẹ́ni tó mọ ohùn tó kàn.

Ìyá-Akọrin

Ọlọ́run á jẹ́ kí ìtàn yín parí síbi tó dára, Àkọ̀wé. Mo ń darí ẹgbẹ́ akọrin, nítorí náà ọ̀rọ̀ ìró tó fẹ́rẹ̀ẹ́ bá ara mu ni mo fẹ́ sọ. Bí ohùn méjì bá wà, tí ọ̀kan ń gbọ̀n ní 100 Hz tí èkejì ń gbọ̀n ní 102, etí kò ní gbọ́ ohùn méjì. Ohùn kan ni yóò gbọ́, tí ń wú tí ó sì ń ṣọ̀, lẹ́ẹ̀mejì ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Ẹnikẹ́ni tó bá ti tún gìtá ṣe rí ti gbọ́ ọ. Àwọn ará Bali ní Indonesia tilẹ̀ ń mọ̀ọ́mọ̀ ṣe agogo wọn ní méjì-méjì tí kò dọ́gba tán, kí ìwárìrì yẹn lè wà nínú orin wọn, wọn kò sì ka agogo tí kò bá wárìrì sí ohun tó wà láàyè.

Òkìtì iyanrìn méjì tó súnmọ́ ara wọn, tí ohùn wọn fi díẹ̀ yàtọ̀, ti bí ìlù láìjẹ́ pé ẹnì kan gbé kọ̀ǹgọ́. Àwọn àgbà ní ẹnìkan kì í jẹ́ àwá dé. Níbí, òkìtì kan kò lè dá ìlù yìí lù. Ó sì ń yí padà, nítorí bí iyanrìn ọ̀kan bá ti ń rọlẹ̀ tí ohùn rẹ̀ sì ń sọ̀ díẹ̀díẹ̀, ìwárìrì náà yóò máa yá sí i tàbí kí ó máa falẹ̀. Ẹ wò ó bóyá ìyáàlù tí ỌmọÀyàn ń wá nìyẹn.

Àkọ̀wé-Ìtàn

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. Ère Memnon tí Arìnrìn-àjò mú wá ni kò jẹ́ kí n sùn. Mo ti ń rò ó báyìí pé gbogbo àpáta Olóhùn ti sán, pé ìrì ń sẹ̀ sínú wọn lóru, àti pé bí ilẹ̀ bá ti ń mọ́ ni wọ́n ń fọhùn, tó jẹ́ pé orin náà yóò máa yí pílánẹ́ẹ̀tì náà po pẹ̀lú àfẹ̀mọ́júmọ́, tí kì í dákẹ́, nítorí pé ní gbogbo ìgbà ni ilẹ̀ ń mọ́ níbì kan. Ọ̀gá Olùkọ́, ṣé ó lè rí bẹ́ẹ̀?

Olùkọ́-Físíìsì

Ó lè rí bẹ́ẹ̀, ó sì dára ju bí ẹ ṣe rò lọ. Ẹ jẹ́ kí a fi pílánẹ́ẹ̀tì yín ṣe ẹgbẹ́ ayé wa, tí yíyípo rẹ̀ jẹ́ kìlómítà 40,000, tí ọjọ́ rẹ̀ sì jẹ́ wákàtí 24. Ní ìlà agbedeméjì rẹ̀, ilẹ̀ yóò máa mọ́ lọ sí ìwọ̀-oòrùn ní nǹkan bíi mítà 463 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Bí ẹ bá ti ń kúrò níbẹ̀ lọ sí àríwá tàbí gúúsù, eré yẹn yóò máa dín kù, nítorí pé yíyípo ibẹ̀ kéré sí i. Bí ìró bá ń sá ní mítà 343 níbẹ̀ bíi tiwa, ẹ óò rí agbègbè mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ nínú pílánẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo.

Ẹni tó bá dúró ní agbedeméjì, oòrùn yóò kọ́kọ́ yọ sí i, àpáta ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ yóò fọhùn, lẹ́yìn náà ni ohùn àwọn àpáta ìlà-oòrùn yóò máa dé lọ́kọ̀ọ̀kan, ti ìtòsí ṣáájú, ti òkèèrè lẹ́yìn, bí ẹni ń ka ìtàn láti ìparí padà sí ìbẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá dúró ní ìwọ̀n 60 ní àríwá, níbi tí eré òwúrọ̀ kò ju nǹkan bíi mítà 232 lọ, òkùnkùn ni yóò ṣì wà nígbà tí orin yóò ti dé etí rẹ̀. Ohùn yóò ṣáájú oòrùn. Ṣùgbọ́n ní nǹkan bí ìwọ̀n 42, eré òwúrọ̀ àti eré ìró dọ́gba. Ohùn gbogbo àpáta tó wà ní ìlà kan náà ní ìlà-oòrùn rẹ̀ yóò máa bá òwúrọ̀ rìn pọ̀, ọ̀kan ń gun orí èkejì, wọn yóò sì dé lẹ́ẹ̀kan náà pẹ̀lú ìmọ́lẹ̀. Afẹ́fẹ́ á jẹ nínú rẹ̀, ti òkèèrè á rẹ̀, ohùn òkè á sì kú ṣáájú ohùn ìsàlẹ̀. Síbẹ̀, ẹ má gbàgbé pé nígbà tí òkè ayọnáyèéfín Krakatau bú ní Indonesia ní 1883, wọ́n gbọ́ ọ ní erékùṣù Rodrigues tó jìnnà tó nǹkan bíi kìlómítà 4,800, lẹ́yìn wákàtí mẹ́rin. Bí ẹ bá ní afẹ́fẹ́ òtútù bíi ti Titan, tí ìró kò yá, ìlà ọ̀hún yóò sún lọ sí ìhà òpó ayé. Ẹ lè fi ooru nìkan gbé e kiri, kódà láti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn sí ìgbà òtútù.

Awòràwọ̀

Ó kù díẹ̀ kí n fi ìjókòó sílẹ̀ nígbà tí mo kà èyí. Mo kàn fẹ́ fi kún un pé ayé tiwa náà ń hùn. Ní 1998 ni àwọn onímọ̀ láti Japan fi hàn pé ilẹ̀ ayé ń mì tìtì láìdákẹ́, kódà lọ́jọ́ tí kò sí ìmìtìtì ilẹ̀, ìgbì òkun ló sì ń fa púpọ̀ nínú rẹ̀. Mímì kan máa ń gba ìṣẹ́jú mélòó kan, nítorí náà kò sí etí tó lè gbọ́ ọ. Olóhùn kì í ṣe àjèjì tó bẹ́ẹ̀.

ỌmọÀyàn

Ìṣirò Ọ̀gá Olùkọ́ wú mi lórí, mi ò lè parọ́. Àmọ́ mo ṣì dúró lórí ọ̀rọ̀ mi. Bí òwúrọ̀ kọ̀ọ̀kan bá ń mú àpáta kan náà fọhùn ní ètò kan náà, agogo ìjí-lójú-oorun ni ẹ dá, ẹ kò dá orin. Ohun tó ń sọ ìró di orin lọ́wọ́ wa ni pé onílù ní ohun méjì tó lè ṣe, ó sì yan ọ̀kan. Ó rí ìyàwó tó ń wọlé, ó yí ìlù padà, ó kì í. Zadar tí ẹ̀gbọ́n Arìnrìn-àjò mẹ́nu bà náà, ẹnì kan ló gé páìpù yẹn ní ìwọ̀n-ìwọ̀n. Òkun ń fọn ún ni, òkun kọ́ ló ṣe é. Ẹ ti lé ènìyàn kúrò lórí Olóhùn, ẹ wá ń wá orin níbẹ̀.

Ìyá-Akọrin

Ọmọ mi, o ní ẹ̀tọ́ sí ohun tí o sọ, ṣùgbọ́n ìwọ náà ni o ń sá ìlù sí oòrùn kí awọ rẹ̀ lè gbẹ kí o tó gbé e ròde. Ojú ọjọ́ ti fọwọ́ sí orin rẹ kí o tó bẹ̀rẹ̀, bí ọ̀gbẹlẹ̀ bá sì dé, ìlù rẹ kò ní dún bó ṣe dún nígbà òjò. Bí ìkùukùu bá bo oòrùn Olóhùn láàárọ̀ kan, àpáta kan yóò pẹ́ kí ó tó fọhùn. Bí ìrì bá pọ̀ ju ti àná lọ, ohùn yóò yàtọ̀. Bí ìjì bá sì kó iyanrìn kúrò lórí òkìtì kan, ìwárìrì tí mo sọ yóò gba ọ̀nà mìíràn. Kò ní sí òwúrọ̀ méjì tí yóò dọ́gba. Mi ò sọ pé ẹnì kan yàn án o. Mo ń sọ pé etí tó bá gbọ́ ọ lójoojúmọ́ yóò bẹ̀rẹ̀ sí í retí ohun kan, ìgbà tí ohun tó ń retí kò bá sì dé ni yóò mọ̀ pé orin ni òun ń gbọ́.

Olùdarí-Ojúewé

Ẹ ṣeun tí ẹ ń fi ọ̀wọ̀ jiyàn. Mo ti yọ ọ̀rọ̀ méjì tó jẹ́ ìpolówó ọjà kúrò láàárín. Ẹ máa bá ìjíròrò lọ.

Arìnrìn-àjò

Lẹ́yìn Ìyá-Akọrin ni mo wà. Mo kàn ní ìbéèrè kan fún Àkọ̀wé: etí ta ni? Ẹ ti sọ pé kò sí ènìyàn. Ọ̀gá Olùkọ́ sì ti fi hàn pé ibi tí ènìyàn bá dúró ló ń pinnu ètò tí ohùn máa fi dé. Bí kò bá sí ẹni tó dúró síbì kan, gbogbo ètò náà ló wà pọ̀, kò sì sí èyí tí a lè kọ sílẹ̀ nínú ìtàn.

Àkọ̀wé-Ìtàn

Ìbéèrè yẹn ti yí ìtàn náà padà. Mo ti pinnu pé obìnrin kan ṣoṣo ni yóò gúnlẹ̀ síbẹ̀, ẹni tó ń yẹ ilẹ̀ àti àpáta wò ni, kì í ṣe akọrin. Ìwọ̀n 60 ní àríwá ni ọkọ̀ rẹ̀ yóò bà sí, tí yóò máa gbọ́ ohùn nínú òkùnkùn kí ilẹ̀ tó mọ́, tí yóò sì kọ́kọ́ rò pé ohun abẹ̀mí kan ló ń bọ̀. Orí kejì ni yóò ti bẹ̀rẹ̀ sí í fi ẹsẹ̀ rìn lọ sí gúúsù, nítorí pé ó ṣàkíyèsí pé bí òun ṣe ń lọ ni àlàfo àárín ohùn àti oòrùn ń kéré sí i. Afẹ́fẹ́ ibẹ̀ yóò ki ní ìlọ́po mẹ́ta tiwa, aṣọ tó wọ̀ yóò sì ní maikirofóònù létí. Àwọn òṣùpá Awòràwọ̀ yóò wà níbẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ỌmọÀyàn ṣe là á sílẹ̀, láti máa dá ọdún. Òkìtì iyanrìn méjì Ìyá-Akọrin ni yóò fi ṣe ibùdó ní orí kẹrin.

Olùkọ́-Físíìsì

Ẹ ṣọ́ra fún afẹ́fẹ́ ìlọ́po mẹ́ta yẹn: kíki nìkan kì í yí eré ìró padà, ooru àti irú gáàsì tó wà nínú rẹ̀ ló ń yí i padà. Bí ẹ bá fi gáàsì tiwa sílẹ̀ tí ẹ sì fi ooru sí ìwọ̀n 20, ìlà 42 ṣì dúró síbi tó wà. Láti 60 dé 42, ìwọ̀n 18 ni ó máa fi ẹsẹ̀ rìn, ó sì tó kìlómítà 2,000. Ẹ fún un ní oúnjẹ tó pọ̀.

ỌmọÀyàn

Bí ó bá ti jẹ́ pé ó ń rìn, mo ti rí ẹni tó ń yàn. Ẹ̀bẹ̀ kan ṣoṣo ni mo ní, ẹ̀gbọ́n Àkọ̀wé. Ní ibì kan lójú ọ̀nà náà, bóyá nítorí pé kò rí oorun sùn, ẹ jẹ́ kí ó fi aṣọ dí ẹnu àpáta kan tó sán, kí ó sì gbọ́ ohun tí òwúrọ̀ ọjọ́ kejì yóò dà láìsí ohùn yẹn. Ẹ fi orí ìwé náà ránṣẹ́ síbí nígbà tí ẹ bá kọ ọ́ tán. Mo fẹ́ kà á kí n lè mọ̀ bóyá yóò fa aṣọ náà yọ.